Sáà 2024 ikọ̀ Ohio State: ìbéèrè àti ìdáhùn

Bọ́ọ̀lù tí ọ̀rọ̀ yìí dá lé kì í ṣe èyí tí Super Eagles ń gbá. Bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà ni, èyí tó ṣóńṣó lórí méjèèjì, tí wọ́n ń gbé sá, tí wọ́n sì ń fọwọ́ jù. Ohio State Buckeyes, ikọ̀ yunifásítì kan ní ìlú Columbus ní Amẹ́ríkà, fìdí rẹmi lẹ́ẹ̀mejì ní sáà 2024. Èkejì jẹ́ nílé wọn, lọ́wọ́ Michigan tí wọn kì í fẹ́ pàdánù sí rárá. Síbẹ̀ àwọn ni wọ́n gba ife orílẹ̀-èdè. Bí ìyẹn ṣe ṣeé ṣe ni ìbéèrè tó pọ̀ jù, ibẹ̀ la sì máa pẹ́ sí jù.

Ṣé sáà wọn gùn tó ti Premier League?

Rárá o. Eré 12 péré ni, láti ìparí oṣù kẹjọ dé ìparí oṣù kọkànlá, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ Sátidé dé Sátidé. Ohio State sinmi lọ́sẹ̀ méjì nínú rẹ̀. Mẹ́sàn-án nínú eré náà jẹ́ ti líìgì wọn, Big Ten. Mẹ́ta yòókù, yunifásítì fúnra rẹ̀ ló bá àwọn tó fẹ́ gbá a ṣe àdéhùn. Torí pé eré kò pọ̀, ìpàdánù kan níbí wúwo bíi mẹ́ta nínú líìgì Gẹ̀ẹ́sì.

Lẹ́yìn eré 12 ni àwọn tó ṣe dáadáa máa wọ ìpele kòmẹsẹ̀-ó-yọ. Láti sáà 2014 dé 2023, ikọ̀ mẹ́rin péré ló ń wọ ibẹ̀, kò sì sí ikọ̀ kankan tó pàdánù lẹ́ẹ̀mejì tí wọ́n gbà wọlé rí. Sáà 2024 ni wọ́n kọ́kọ́ sọ ọ́ di ikọ̀ 12. Ká ní òfin àtijọ́ ṣì wà, oṣù kọkànlá ni ìrètí Ohio State ìbá ti pin.

Báwo ni gbogbo eré wọn ṣe lọ?

Wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 31 oṣù kẹjọ: wọ́n na Akron 52-6. Lẹ́yìn náà Western Michigan 56-0, Marshall 49-14, Michigan State 38-7, Iowa 35-7. Ọjọ́ 12 oṣù kẹwàá, Oregon fi àmì kan ṣoṣo borí wọn, 32-31. Wọ́n tún na Nebraska 21-17, Penn State 20-13, Purdue 45-0, Northwestern 31-7, Indiana 38-15. Ọjọ́ 30 oṣù kọkànlá, Michigan fàgbà hàn wọ́n, 13-10.

Ní kòmẹsẹ̀-ó-yọ: Tennessee 42-17, Oregon 41-21, Texas 28-14, àti Notre Dame 34-23 nínú àṣekágbá, ní Atlanta, ọjọ́ 20 oṣù kìíní ọdún 2025. Eré 16, wọ́n borí ní 14. Àmì 206 ni gbogbo ọ̀tá wọn rí gbà lára wọn, ìyẹn 12.9 nínú eré kan. Kò sí ikọ̀ kankan ní ìpele àgbà yunifásítì tí wọ́n gba àmì tó kéré tó bẹ́ẹ̀ lára rẹ̀ lọ́dún náà.

Mi ò mọ òfin eré náà. Kí ni kí n mọ̀ kí n tó jókòó síwájú tẹlifíṣọ̀n?

Èèyàn 11 ló wà lórí pápá fún ikọ̀ kọ̀ọ̀kan. Pápá gùn ní yáàdì 100, yáàdì 10 mìíràn sì wà ní ìkángun kọ̀ọ̀kan tí wọ́n ń pè ní end zone. Ikọ̀ tó ní bọ́ọ̀lù ní ìgbìyànjú mẹ́rin, tí wọ́n ń pè ní down, láti sún un síwájú ní yáàdì 10. Bí wọ́n bá rí i ṣe, wọ́n á tún gba mẹ́rin tuntun. Bí wọn ò bá rí i ṣe, bọ́ọ̀lù di ti ẹnìkejì níbi tó bá wà. Ìdí nìyẹn tí ẹ fi ń rí i pé wọ́n sábà máa ń fẹsẹ̀ gbá a lọ jìnnà ní ìgbìyànjú kẹrin: wọ́n fẹ́ kí ọ̀tá bẹ̀rẹ̀ láti òkèèrè.

Ẹni tó bá gbé bọ́ọ̀lù wọ end zone ti gba touchdown, àmì 6. Wọ́n á tún gbá a gba àárín òpó fún àmì 1, tàbí kí wọ́n tún gbé e wọlé lẹ́ẹ̀kan sí i fún 2. Field goal, ìyẹn gbígbá a gba àárín òpó láìsí touchdown, jẹ́ àmì 3. Bí wọ́n bá dá ẹni tó ní bọ́ọ̀lù dúbúlẹ̀ nínú end zone tirẹ̀, àwọn tó dá a dúbúlẹ̀ gba àmì 2.

Ìpín mẹ́rin ni eré náà, ìṣẹ́jú 15 ní ìpín kọ̀ọ̀kan, ṣùgbọ́n aago máa ń dúró lọ́pọ̀ ìgbà. Ẹ fi wákàtí mẹ́ta àbọ̀ sílẹ̀. Ẹni tó ti mọ NFL, líìgì àwọn tó ń fi eré náà ṣiṣẹ́ ṣe, tẹ́lẹ̀ kàn ní láti rántí méjì: ní yunifásítì, bí ẹsẹ̀ ẹni tó hán bọ́ọ̀lù bá ti balẹ̀ lẹ́ẹ̀kan nínú ìlà, ó tó, ẹni tó bá sì yọ̀ ṣubú fúnra rẹ̀, láìsí ẹni tó fọwọ́ kàn án, eré ti dúró níbẹ̀.

Báwo ni wọ́n ṣe kó irú ikọ̀ bẹ́ẹ̀ jọ?

Ọ̀nà méjì ni. Àkọ́kọ́, àwọn tó yẹ kí wọ́n ti lọ sí NFL dúró fún ọdún kan sí i: Jack Sawyer, JT Tuimoloau, TreVeyon Henderson, Emeka Egbuka, Donovan Jackson, Denzel Burke àti àwọn mìíràn. Èkejì, wọ́n mú àgbà ọ̀jẹ̀ láti yunifásítì mìíràn nípasẹ̀ transfer portal, ìwé ìforúkọsílẹ̀ tí akẹ́kọ̀ọ́ tó fẹ́ kó lọ ń wọ̀. Quarterback wọn, ìyẹn ẹni tó ń ju bọ́ọ̀lù, Will Howard, wá láti Kansas State. Quinshon Judkins tó ń gbé bọ́ọ̀lù sá wá láti Ole Miss. Caleb Downs tó ń ṣọ́ ẹ̀yìn àti Seth McLaughlin tó ń ṣe àárín ìlà wá láti Alabama. Lórí gbogbo ìyẹn ni wọ́n tún fi Jeremiah Smith lé, ọmọ ọdún àkọ́kọ́ tó hán bọ́ọ̀lù 76 ní sáà náà fún yáàdì 1,315 àti touchdown 15.

Owó wà nínú rẹ̀, kò sì yẹ ká fi bò. Láti ọjọ́ 1 oṣù keje ọdún 2021 ni wọ́n ti gba akẹ́kọ̀ọ́ láyè láti máa fi orúkọ àti àwòrán wọn pawó. Ọ̀gá àgbà eré ìdárayá ní Ohio State, Ross Bjork, sọ ọ́ ní gbangba pé nǹkan bíi mílíọ̀nù 20 dọ́là ló lọ sórí àwọn eléré náà. Ẹni tó bá sọ pé owó nìkan ló gba ife náà kò wo eré Michigan.

Kí ló ṣẹlẹ̀ gan-an ní Oregon? Wọ́n ní èèyàn 12 wà lórí pápá?

Bẹ́ẹ̀ ni. Ó ku ìṣẹ́jú àáyá 10, Ohio State sì ń lépa. Wọ́n ti sún mọ́ ibi tí wọ́n ti lè gbá field goal, kí rẹfirí tó fi ẹ̀sùn kan Jeremiah Smith pé ó ti adènà, èyí tó dá wọn padà ní yáàdì 15. Níbẹ̀ ni Oregon ti kó èèyàn 12 sórí pápá. Bọ́ọ̀lù tí Howard jù kò bọ́ sọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, rẹfirí sì fún Ohio State ní yáàdì 5. Ṣùgbọ́n aago ti jẹ ìṣẹ́jú àáyá 4, òfin kò sì sọ pé kí wọ́n dá a padà. Yáàdì 5 ni Oregon san. Ìṣẹ́jú àáyá 4 ni wọ́n fi rà. Ó ku 6. Howard gbé bọ́ọ̀lù sá, ó fi ìdí yọ̀ wálẹ̀ láti dá aago dúró, àmọ́ aago ti dé òdo.

Lọ́sẹ̀ tó tẹ̀lé e ni NCAA, àjọ tó ń darí eré ìdárayá yunifásítì ní Amẹ́ríkà, tún òfin náà ṣe: láàárín ìṣẹ́jú méjì tó kẹ́yìn ìdajì kọ̀ọ̀kan, bí adènà bá ju 11 lọ tí gbogbo wọn sì kópa nínú eré náà, ikọ̀ tó ní bọ́ọ̀lù lè ní kí wọ́n dá aago padà sí ibi tó wà tẹ́lẹ̀. Ó dára bẹ́ẹ̀.

Ìfarapa tó ṣẹlẹ̀ ní Oregon tún wúwo ju àmì kan yẹn lọ. Josh Simmons, tó ń dáàbò bo apá òsì Howard, ṣe orúnkún léṣe, sáà rẹ̀ sì parí.

Kí ló dé tí ẹni kan ṣoṣo fi lè da ìlà iwájú rú?

Èèyàn márùn-ún ló wà ní ìlà iwájú: ẹni àárín tó ń fi bọ́ọ̀lù lé quarterback lọ́wọ́, èèyàn méjì tó fún un mọ́ra, àti èèyàn méjì ní ìkángun. Wọn kì í gbé bọ́ọ̀lù, wọn kì í hán an. Iṣẹ́ wọn ni kí wọ́n má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni kan quarterback. Howard ń fi ọwọ́ ọ̀tún jù, torí náà ẹ̀yìn rẹ̀ ló kọ sí apá òsì. Ọ̀tá tó bá gba ibẹ̀ yọ, kò ní í rí i.

Nígbà tí Simmons lọ, Zen Michalski bọ́ sípò rẹ̀ fún Nebraska, òun náà sì fara pa. Wọ́n wá gbé Donovan Jackson, tó ti ń ṣeré nínú, lọ sí ìkángun òsì, Carson Hinzman sì gba ipò Jackson. Bí ìyẹn ṣe ń fẹsẹ̀ múlẹ̀ ni iṣan gìgísẹ̀ McLaughlin já níbi ìgbáradì, lọ́sẹ̀ tí wọ́n fẹ́ gbá Indiana. Hinzman tún ní láti kó lọ sí àárín. Márùn-ún yìí ń ríran pọ̀ bí àwọn onílù ṣe ń gbọ́ ìlù ara wọn: ẹni tó ń ti èèyàn ní láti mọ̀, láìwo ẹ̀yìn, ibi tí ìkejì rẹ̀ máa gbé ẹsẹ̀ sí. Ọ̀sẹ̀ méjì kò tó láti kọ́ ìyẹn.

Ṣé wọ́n tiẹ̀ tí ì borí ikọ̀ gidi kan kí Michigan tó dé?

Penn State, ọjọ́ 2 oṣù kọkànlá, níwájú èrò tó ju 100,000 lọ. Ní ìpín kẹrin, ó ku yáàdì 3 kí Penn State wọ end zone, pẹ̀lú ìgbìyànjú mẹ́rin lọ́wọ́. Wọ́n gbé e sá lẹ́ẹ̀mẹta, wọ́n jù ú lẹ́ẹ̀kan, wọn ò wọlé. Ohio State gba bọ́ọ̀lù nígbà tó ku ìṣẹ́jú 5 àti ìṣẹ́jú àáyá 13, wọ́n ń gbé e sá díẹ̀díẹ̀, Penn State kò sì fojú kan bọ́ọ̀lù mọ́ títí eré fi parí. Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí ìlà iwájú ṣe ń gba eré là, kó wo ìṣẹ́jú márùn-ún yẹn.

Kí ló wá dé tí Michigan fi nà wọ́n?

Ìjáwé olúborí 6 àti ìpàdánù 5 ni Michigan gbé wá sí Columbus. Nǹkan bí àmì 20 ni àwọn onítẹ́tẹ́ fi sọ pé Ohio State máa fi borí. Will Johnson àti Colston Loveland, méjì nínú àwọn àgbà ọ̀jẹ̀ Michigan, kò lè ṣeré. Ohun tí Michigan ní ni ọkùnrin gìrìwò méjì láàárín ìlà adènà wọn, Mason Graham àti Kenneth Grant.

Àárín yẹn gan-an ni Ohio State ń forí sọ. Ẹ rántí pé àárín ìlà tiwọn ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ pààrọ̀. Wọ́n ní Smith àti Egbuka létí pápá, wọ́n ní ẹni tó lè jù ú dé ọ̀dọ̀ wọn, síbẹ̀ wọ́n ń gbé bọ́ọ̀lù sá wọ àyà Graham. Yáàdì 77 péré ni gbogbo sísá wọn lọ́jọ́ náà mú wá. Howard jù ú sọ́wọ́ ọ̀tá lẹ́ẹ̀mejì. Àkọ́kọ́ gbé Michigan dé ẹnu ọ̀nà end zone, ibẹ̀ ni touchdown wọn ti wá. Jayden Fielding gbá field goal yáàdì 34 àti 38, méjèèjì kò wọlé. Àmì 6 nìyẹn, nínú eré tí wọ́n fi àmì 3 pàdánù.

Ní ìparí, Kalel Mullings gbé bọ́ọ̀lù sá fún yáàdì 27 ní ìgbìyànjú kẹta, Dominic Zvada sì gbá field goal yáàdì 21 wọlé nígbà tó ku ìṣẹ́jú àáyá 45. Lẹ́yìn eré, Michigan fẹ́ ri àsíá wọn mọ́ àárín pápá, ìjà bẹ́ sílẹ̀, àwọn ọlọ́pàá fín ata sí wọn lójú. Big Ten bu owó ìtanràn 100,000 dọ́là lé yunifásítì méjèèjì.

Tiwa ni pé ikọ̀ tó pàdánù lọ́jọ́ náà kò burú ju èyí tó gba ife lọ. Àwọn èèyàn kan náà ni. Agídí ló pa wọ́n: wọ́n fẹ́ fi hàn pé àwọn náà le, níbi tó yẹ kí wọ́n lo ohun tí wọ́n fi dáa ju ẹlòmíì lọ.

Ta ló wá gbà wọ́n wọlé lẹ́yìn ìyẹn?

Ìgbìmọ̀ ẹlẹ́ni 13 ló ń yan ikọ̀ 12 náà. Ní sáà náà, olúborí líìgì márùn-ún tó wà lókè jù ló wọlé tààrà, ìgbìmọ̀ sì yan méje yòókù. Ní 2024, àwọn olúborí líìgì mẹ́rin àkọ́kọ́ kò gbá ìpele àkọ́kọ́ rárá, wọ́n sinmi: Oregon, Georgia, Boise State àti Arizona State. Ohio State bọ́ sí ipò 8, èyí tó jẹ́ kí wọ́n gba Tennessee, ipò 9, lálejò nílé.

Ẹ wo bí nǹkan ṣe rí: gbogbo àwọn mẹ́rin tó sinmi ló pàdánù eré àkọ́kọ́ tí wọ́n gbá. Láti 2025 ni wọ́n ti yí òfin náà padà, ipò tí ìgbìmọ̀ bá fi ikọ̀ sí ló ń sọ ẹni tó máa sinmi báyìí, yálà ó gba líìgì tàbí kò gbà á.

Kí ni wọ́n yí padà láàárín Michigan àti Tennessee?

Wọ́n ní ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ká ní wọ́n borí Michigan ni, wọn ì bá tún bá Oregon gbá ife Big Ten ní Indianapolis ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀lé e, pẹ̀lú ìlà iwájú tí kò tíì jinná. Dípò ìyẹn, Jackson, Hinzman àti àwọn ọ̀dọ́ tó wà láàárín wọn, Luke Montgomery àti Austin Siereveld, rí àyè ṣeré pọ̀.

Èkejì ni ètò eré. Kóòṣì àgbà, Ryan Day, àti Chip Kelly tó ń pe eré nígbà tí wọ́n bá ní bọ́ọ̀lù, bẹ̀rẹ̀ sí í jù ú ṣáájú kí wọ́n tó gbé e sá. Bí adènà bá ti sá lọ ṣọ́ Smith, àárín á ṣí, ìgbà yẹn ni Henderson àti Judkins á wá gba ibẹ̀ kọjá. Wọ́n na Tennessee 21-0 ní ìpín àkọ́kọ́ nìkan. Ní pápá Rose Bowl, ọjọ́ 1 oṣù kìíní, wọ́n ti gba àmì 34 kí Oregon tó gba ẹyọ kan. Smith hán méje fún yáàdì 187. Oregon kan náà tó fi àmì kan nà wọ́n ní oṣù kẹwàá ni o.

Eré Jack Sawyer tí gbogbo ayé ń sọ, kí ni?

Texas, ọjọ́ 10 oṣù kìíní, ní Arlington. Ohio State ní 21, Texas ní 14, Texas sì dé yáàdì 1 pẹ̀lú ìgbìyànjú mẹ́rin. Àkọ́kọ́, wọ́n forí sọ àárín, kò lọ. Ìkejì, dípò kí wọ́n tún ti àárín, wọ́n ju bọ́ọ̀lù sí ẹ̀gbẹ́ fún ẹni tó ń sá. Àwọn adènà ti dé ibẹ̀ ṣáájú rẹ̀, ó pàdánù yáàdì 7. Ìkẹta, wọ́n jù ú, kò wọlé. Ìkẹrin, Sawyer yípo ìkángun ìlà, ó gbá ọwọ́ Quinn Ewers bó ṣe fẹ́ jù, bọ́ọ̀lù bọ́ sílẹ̀, ó fò sókè díẹ̀, Sawyer he e, ó sì gbé e sá fún yáàdì 83 dé òdìkejì pápá. Sawyer àti Ewers ti gbé yàrá kan náà rí ní Columbus ní 2021, kí Ewers tó kó lọ sí Texas.

Àṣekágbá ńkọ́?

Notre Dame bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ìgbìyànjú 18 tó gba nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá, wọ́n gba touchdown. Àmì 31 tó tẹ̀lé e, ti Ohio State ni gbogbo rẹ̀. Bọ́ọ̀lù 13 àkọ́kọ́ tí Howard jù, kò sí èyí tó já bọ́. Notre Dame padà sí 31-23, ọkàn àwọn ará Columbus sì ń gbọ̀n. Ìgbìyànjú kẹta, yáàdì 11 ló kù: ọ̀pọ̀ kóòṣì ì bá gbé e sá láti jẹ aago. Howard jù ú ga sókè fún Smith, yáàdì 56. Fielding, ẹni tó pàdánù méjì lọ́jọ́ Michigan, ló gbá field goal tó parí ọ̀rọ̀ nígbà tó ku ìṣẹ́jú àáyá 26.

Nínú ikọ̀ 11 yòókù tó wọ kòmẹsẹ̀-ó-yọ lọ́dún náà, mẹ́fà ni Ohio State nà ní sáà kan ṣoṣo: Penn State, Indiana, Tennessee, Oregon, Texas, Notre Dame.

Ṣé wọ́n ń lọ sí kíláàsì?

Dandan ni. Wákàtí 20 lọ́sẹ̀ ni NCAA gbà fún ìgbáradì nígbà tí sáà bá ń lọ, pẹ̀lú ọjọ́ kan tí wọn ò gbọ́dọ̀ ṣe nǹkan kan. Ọmọ tí òbí rẹ̀ fẹ́ kó gba ọ̀nà yìí lọ sí yunifásítì, kí wọ́n tètè wo máàkì rẹ̀ láti ilé ẹ̀kọ́ gírámà. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ti ń ṣubú kí wọ́n tó fọwọ́ kan bọ́ọ̀lù.

Mo rí orúkọ ọmọ Nàìjíríà lẹ́yìn aṣọ wọn?

Ẹ rí i dáadáa. Emeka Egbuka ń jẹ́ orúkọ Igbo. Bọ́ọ̀lù 205 ló hán láyé rẹ̀ ní Ohio State, kò sí ẹni tó hán tó bẹ́ẹ̀ níbẹ̀ rí ṣáájú rẹ̀. Davison Igbinosun ń jẹ́ orúkọ Ẹdó. Òun ló já bọ́ọ̀lù Penn State gbà nínú end zone. Àwọn ọmọ Yorùbá pọ̀ ní àwọn ikọ̀ tí wọ́n ń bá figagbága: Olu Oluwatimi ṣe ẹni àárín fún Michigan ní 2022, ó gba àmì ẹ̀yẹ Outland àti Rimington, Olu Fashanu sì dáàbò bo apá òsì fún Penn State kó tó wọ NFL ní 2024.

Aago mélòó ni kí n wò ó láti Nàìjíríà tàbí London?

Eré aago 12 ọ̀sán ní Columbus jẹ́ aago 5 ìrọ̀lẹ́ ní Nàìjíríà títí di ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kọkànlá. Lẹ́yìn tí Amẹ́ríkà bá dá aago padà, ó di aago 6. Ní London, aago 5 ni, àyàfi ọ̀sẹ̀ kan tí Gẹ̀ẹ́sì ti yí aago tí Amẹ́ríkà kò tíì yí i: aago 4 ni. Ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni eré Penn State bọ́ sí. Àṣekágbá bẹ̀rẹ̀ ní aago 7:30 alẹ́ Mọ́ńdè níbẹ̀, èyí tó jẹ́ aago 1:30 òru mọ́jú Túsìdeè ní Nàìjíríà.

Ṣé ife náà pa ìpàdánù sí Michigan rẹ́?

Kò pa á rẹ́. Láti 1934 ni àṣà kan ti wà ní Ohio State: ẹni tó bá wà nínú ikọ̀ tó na Michigan máa gba ṣòkòtò wúrà kékeré kan, tí kò ju ohun tí wọ́n lè so mọ́ ẹ̀gbà ọrùn lọ. Sawyer, Tuimoloau, Henderson, Egbuka, Burke àti Jackson wọlé ní 2021. Ikọ̀ wọn bá Michigan gbá ní 2021, 2022, 2023 àti 2024, wọ́n pàdánù mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Ní oṣù kẹrin ọdún 2025, NFL yan ọmọ Ohio State 14, mẹ́rin ní ìpele àkọ́kọ́: Egbuka, Jackson, Tyleik Williams àti Simmons tó fara pa ní Oregon. Òrùka ife orílẹ̀-èdè wà lọ́wọ́ àwọn ọmọ 2021 wọ̀nyẹn. Kò sí ṣòkòtò wúrà lọ́wọ́ ìkankan nínú wọn.